Wọ́n Fi Ẹkún Bàbá Mi Polówó Fíìmù

Ẹ̀yin ọ̀rẹ́ mi, ẹ̀yin tí ẹ ń tẹ̀lé mi lórí ayélujára, ẹ fi ohun tí ẹ ń ṣe sílẹ̀ díẹ̀, kí n ròyìn ohun tí ojú mi rí fún yín. Inú ń bí mi! Mo ti ní kí n gbé e mì, mo ti ní kí n fi í lé Ọlọ́run lọ́wọ́, ṣùgbọ́n ẹni tó bá dákẹ́, tara rẹ̀ á bá a dákẹ́. Èmi ò ní dákẹ́.

Ọ̀pọ̀ yín ló gbọ́ pé mo kú. Àwọn kan tiẹ̀ gbé àwòrán mi síta, wọ́n ní kí n má jọ̀kùn, kí n má jekòló, ohun tí wọ́n bá ń jẹ lájùlé ọ̀run ni kí n bá wọn jẹ. Ẹ ṣeun o, ẹ kú ìfẹ́. Èmi Mojísọ́lá nìyí, mo wà láàyè, iyán ni mo jẹ tán kí n tó bẹ̀rẹ̀ sí í kọ ọ̀rọ̀ yìí.

Fún ẹ̀yin tí ẹ ò mọ̀ mí, òṣèré ni mí. Ọmọ Ìmẹ̀sí-Ilé ni mí nílẹ̀ Ìjẹ̀ṣà, Òṣogbo ni mo ń gbé. Orí ìtàgé ni mo ti bẹ̀rẹ̀, mo bọ́ sórí tẹlifíṣọ̀n, mo bọ́ sínú fíìmù, títí gbogbo rẹ̀ fi wá di ohun tí wọ́n ń wò lórí fóònù. Kí ni mi ò tíì ṣe? Mo ti ṣe ìyá ọkọ burúkú, mo ti ṣe wòlíì obìnrin, mo ti ṣe ọlọ́pàá, mo ti ṣe adájọ́, mo ti ṣe wèrè tó ń jó láàárín títì. Ọdún tí mo ṣe Alhaja, àwọn obìnrin àdúgbò wa ní Òkè-Baálẹ̀ bẹ̀rẹ̀ sí í kí mi ní sàlámọ̀, èmi náà sì ń dáhùn, àbí kí ni kí n ṣe? Àwọn ẹlẹgbẹ́ mi ń pè mí ní Gbogbo-Èèyàn.

Mo sì ti kú. Áà, mo ti kú láyé mi! Wọ́n ti fún mi ní májèlé jẹ, ọkọ̀ ti gbá mi, mo ti kú lórí ìkúnlẹ̀, wọ́n ti fi ìrọ̀rí bò mí lẹ́nu torí ilẹ̀ ogún. Bí wọ́n bá fẹ́ ẹni tó máa kú tí àwọn tó ń wò ó á sunkún, èmi ni wọ́n ń pè.

Ọ̀rọ̀ ikú yìí ló kan bàbá mi. Àgbà ni wọ́n o, wọ́n ti lé lọ́gọ́rin ọdún. Aṣọ ni wọ́n tà jẹun, wọ́n ń tà á láwìn láti ìlú dé ìlú bí àwọn Ìjẹ̀ṣà àtijọ́ ti máa ń ṣe. Ìyá mi ti lọ, èmi nìkan ṣoṣo ni ọmọ tí wọ́n ní. Ìgbà àkọ́kọ́ tí mo kú nínú eré orí tẹlifíṣọ̀n, mi ò sọ fún wọn tẹ́lẹ̀. Ilé ọ̀rẹ́ wọn ni wọ́n ti wò ó. Wọ́n mọ̀ pé eré ni, bàbá mi kì í ṣe òpè, ṣùgbọ́n wọ́n ní bí wọ́n ṣe da aṣọ bò mí lójú, ọkàn àwọn já. Wọ́n pè mí, wọ́n bú mi tán, wọ́n wá ní kí n ṣèlérí kan fún àwọn: ọjọ́ tí mo bá tún fẹ́ kú, kí n kọ́kọ́ sọ fún àwọn.

Bó ṣe di àṣà èmi àti bàbá mi nìyẹn. Kò sí fíìmù tí mo ti kú tí mi ò kọ́kọ́ pè wọ́n.

“Bàbá, mo fẹ́ kú o.”

“Irú ikú wo tún ni?”

Màá ní ọkọ̀ ló gbá mi, tàbí ìyàwó kékeré ló pa mí. Wọ́n á rẹ́rìn-ín, wọ́n á ní ó dáa, kí n kú dáadáa, kí n sì tètè dìde kí n lọ jẹun. Gbogbo òṣèré tó bá ti bá mi ṣiṣẹ́ ló mọ̀ ọ́n. Wọ́n á máa fi mí ṣe yẹ̀yẹ́, wọ́n á ní ṣé mo ti gbàṣẹ ikú nílé.

Ọkùnrin kan wá pè mí sí fíìmù. Òun ló fi owó rẹ̀ ṣe é, òun náà ló ń darí rẹ̀. Lọ́yà ní kí n má dárúkọ rẹ̀, nítorí náà Ọ̀gá Pósítà ni màá máa pè é. Ẹ máa tó rí ìdí rẹ̀.

Iléṣà la ti ya fíìmù náà. Èmi ni olówó obìnrin tó kú tí àwọn ẹbí rẹ̀ ń pa ara wọn torí ilé. Níbi tí wọ́n ti ń kéde ikú mi, wọ́n tẹ pósítà òkú, àwòrán mi ló wà níbẹ̀, orúkọ olówó inú eré ni wọ́n kọ sí i. Ọ̀gá Pósítà ní àwọn máa lẹ̀ ẹ́ mọ́ ògiri díẹ̀, àwọn á yà á, àwọn á sì ṣí i kúrò lọ́jọ́ náà gan-an. Ohun tí a jọ sọ nìyẹn, gbogbo èèyàn ló gbọ́ ọ.

Kí n tó wọnú pósí, mo fa fóònù yọ, mo pe bàbá mi lójú gbogbo wọn bí mo ti máa ń ṣe. Mo gbé e sí gbangba kí wọ́n lè gbọ́. Bàbá ní irú ikú wo, mo ní àìsàn ni lọ́tẹ̀ yìí. Wọ́n ní ikú ìrọ̀rùn nìyẹn, kí n kú dáadáa. Gbogbo lokéṣàn bú sẹ́rìn-ín. Ọ̀gá Pósítà ló rẹ́rìn-ín jù. Ó bẹ̀rẹ̀ sí í bi mí léèrè bàbá mi: agboolé wo ni wọ́n wà ní Ìmẹ̀sí, ta ló ń tọ́jú wọn, ṣé wọ́n ṣì ń rìn dáadáa? Mo sọ gbogbo rẹ̀ fún un, mo tiẹ̀ dúpẹ́ lọ́wọ́ rẹ̀ pé ó bèèrè. Ẹ wo irú èèyàn!

Bí mo ṣe kú tán fún un, mo bọ́ sínú iṣẹ́ mìíràn. Eré àtìgbàdégbà ti tẹlifíṣọ̀n ni, ibi kan lọ́nà Itagunmodi la ti ń yà á, ọlọ́pàá ni mo ṣe níbẹ̀. Àwọn tó ni iṣẹ́ yẹn máa ń gba fóònù lọ́wọ́ gbogbo wa títí iṣẹ́ á fi parí, kí ẹnikẹ́ni má baà gbé ìtàn síta. Kò sí wàhálà, mo ti pẹ́ lẹ́nu iṣẹ́, mo mọ òfin. Mo ti sọ fún bàbá mi pé wọn ò ní rí mi pè fún ìwọ̀nba ọjọ́ díẹ̀.

Ìgbà tí iṣẹ́ parí, wọ́n dá fóònù padà, tèmi ti kú fin-ín-fin-ín. Mo ní kò burú, màá gbé e síná nílé. Ọ̀sán gangan ni mo wọ Òkè-Baálẹ̀.

Alhaja Sífáwù ni aládùúgbò mi, ilé wa kọjú síra. Àdìrẹ ni wọ́n ń ṣe, iṣẹ́ ìdílé wọn ni. Wọ́n ń sá aṣọ níwájú ilé nígbà tí mo bọ́ọ́lẹ̀ nínú ọkọ̀. Mo ní, “Alhaja, ẹ kú iṣẹ́ o!” Wọ́n bojú wẹ̀yìn. Aṣọ bọ́ lọ́wọ́ wọn. “Lá iláhà illallàhù!” Wọ́n sáré wọlé, wọ́n ti ilẹ̀kùn mọ́rí. Obìnrin tí orúnkún ń dùn o!

Ojú fèrèsé ni wọ́n ti ń bá mi sọ̀rọ̀. Wọ́n ní kí ni àwọn fi ṣẹ̀ mí? Wọ́n ní tó bá jẹ́ ti kúlà mi tí àwọn yá ni, àwọn ti fẹ́ dá a padà kí n tó kú, Ọlọ́run jẹ́rìí àwọn. Mo kọ́kọ́ rẹ́rìn-ín. Mo rò pé àpárá ni. Ìgbà tí mo rí i pé wọn ò fẹ́ ṣílẹ̀kùn fún mi, ẹ̀rín kúrò lẹ́nu mi, mo ní ta ló sọ fún wọn pé mo kú?

Wọ́n na fóònù wọn sí mi láàárín irin fèrèsé, wọn ò tiẹ̀ jẹ́ kí ìka mi kan tiwọn.

Fídíò ni. Ọ̀gá Pósítà ló wà níbẹ̀, ó wọ dúdú látòkè délẹ̀, ó kúnlẹ̀ nínú pálọ̀ kan. Mo mọ pálọ̀ yẹn. Mo mọ àga yẹn, èmi ni mo rà á. Bàbá mi ló jókòó sórí rẹ̀.

Bàbá mi ń bá a jiyàn. Wọ́n ń rẹ́rìn-ín díẹ̀ díẹ̀, wọ́n ní, “Rárá, ó ti pè mí. Ó ní òun máa kú nínú fíìmù yín. Fíìmù ni.” Wọ́n sọ ọ́, wọ́n tún un sọ. Ọkùnrin yẹn di ọwọ́ wọn méjèèjì mú, ó mi orí, ó ní, “Bàbá, èyí kì í ṣe fíìmù.”

Ẹ gbọ́ mi? Ó mọ̀! Ojú rẹ̀ ni mo ṣe pe bàbá mi. Ó mọ̀ pé ohun kan ṣoṣo tó lè mú kí bàbá arúgbó yẹn gbà gbọ́ nìyẹn, ó gbé e lọ́wọ́, ó wakọ̀ láti Òṣogbo dé Ìmẹ̀sí lọ sọ ọ́.

Bàbá mi wò ó. Fìlà wọn já bọ́. Wọ́n la ẹnu, ohùn ò kọ́kọ́ jáde, ìgbà tó máa jáde, mi ò mọ̀ pé irú ohùn yẹn wà nínú bàbá mi. Wọn ò sunkún báyẹn nígbà tí ìyá mi kú. Ibẹ̀ ni wọ́n ti gbé orin sókè, tí orúkọ fíìmù jáde gàdàgbà, tòun ti “Ó Ń Bọ̀ Láìpẹ́.” Nísàlẹ̀ rẹ̀, wọ́n kọ ọ́ pé ìràwọ̀ wa Mojísọ́lá ti wọ̀, ẹ wá wo fíìmù tó ṣe kẹ́yìn.

Mo jókòó sílẹ̀ẹ́lẹ̀ níwájú ilé Alhaja. Kì í ṣe ẹkún ló gbé mi jókòó o, ìbínú ni.

Mo yá fóònù Alhaja, mo pe bàbá mi, kò lọ, mo wá pe Fọlákẹ́, ọmọ àbúrò bàbá mi tó ń tọ́jú wọn nílé. Bó ṣe gbọ́ ohùn mi, ó kígbe, ó pa á. Mo tún pè, kò gbé e. Ó wá fi ohùn ránṣẹ́, ó ní ẹ̀mí òkùnkùn tó ń lo ohùn ẹ̀gbọ́n òun, kí iná Olúwa jó o, àmín. Ẹ jọ̀ọ́, ẹ sọ fún mi, báwo ni èèyàn ṣe ń bá irú ìyẹn ṣe àlàyé?

Mo wọnú ọkọ̀. Alhaja Sífáwù ní mi ò lè dá wakọ̀ lọ, wọ́n gbé tẹ̀sùbáà wọn, wọ́n wọlé tì mí. Wọ́n ti gbà pé mo wà láàyè, ṣùgbọ́n bí a ṣe ń lọ, wọ́n á rọra fọwọ́ kàn mí lápá, wọ́n á ní òógùn ni àwọn fẹ́ bá mi nù.

A dé Iléṣà. Ojú mi ló wà lára ògiri! Lẹ́nu ọ̀nà gáréèjì, lára ṣọ́ọ̀bù, lára òpó iná. Wọn ò ṣí ti àkọ́kọ́ kúrò, wọ́n tún tẹ òmíràn lé e, orúkọ tèmi gan-an ni wọ́n kọ sórí èyí, tòun ti “òṣèré tó gbayì.” Alhaja bọ́ọ́lẹ̀, wọ́n bẹ̀rẹ̀ sí í fi èékánná ya á. Ọlọ́kadà kan ní kí ló dé tí wọ́n ń ya pósítà olóògbé, wọ́n ní olóògbé ló ń wakọ̀ àwọn. Ọlọ́kadà wo inú ọkọ̀, ó rí mi, kò dúró gbé ẹrù tó fẹ́ gbé.

Ìmẹ̀sí-Ilé. Àwọn àga ti wà lójúde wa, ẹní ti wà nílẹ̀, àwọn àgbà ló jókòó. Wọ́n rí mi, kálukú gba ọ̀nà tirẹ̀. Fọlákẹ́ nìkan ni kò sá. Ó dúró lẹ́nu ọ̀nà pẹ̀lú Bíbélì, ó ń wò mí láìṣẹ́jú. Ìgbà tó yá ni mo mọ ohun tó ń dúró dè. Wọ́n ní bí àkúdàáyà bá ko ẹni tó mọ̀ ọ́n lójú, ṣe ló máa ń pòórá. Ó ń retí kí n pòórá! Mo gba ẹ̀gbẹ́ rẹ̀ wọlé.

Bàbá mi wà lórí ibùsùn, wọ́n kọjú sí ògiri. Oúnjẹ wà nílẹ̀ lẹ́gbẹ̀ẹ́ wọn, eṣinṣin ti bà lé e. Mo ní, “Bàbá.” Wọn ò yíjú. Mo ní, “Bàbá, èmi ni, mi ò kú.” Wọ́n yíjú wò mí, wọ́n dìde díẹ̀díẹ̀, wọ́n fọwọ́ kan orí mi, wọ́n fọwọ́ kan ẹ̀rẹ̀kẹ́ mi. Wọ́n wá gbá mi létí! Bàbá tí kò na mí rí láti kékeré. Wọ́n gbá mi mọ́ra, èmi bá bú sẹ́kún.

Ìgbà tí wọ́n jẹun tán ni wọ́n tó sọ bó ṣe ṣẹlẹ̀. Wọ́n ní nígbà tí ọkùnrin yẹn sọ̀rọ̀ tán, àwọn ní kó gbé àwọn lọ sí Òṣogbo kí àwọn lọ wo ojú ọmọ àwọn. Ó ní rárá, wọ́n ti sin ín. Ó ní ṣé bàbá kò mọ̀ pé òbí kì í dé ibi ìsìnkú ọmọ ni? Ó ní àṣà wa kò gbà á, òbí kì í mọ ojú oórì ọmọ rẹ̀. Òótọ́ ọ̀rọ̀ sì ni, ibi tó dùn mí sí jù nìyẹn. Ó mú ohun tí àwọn baba wa ṣe láti dáàbò bo òbí, ó fi í ti bàbá mi mọ́lé, kí wọ́n má baà wá, kí irọ́ rẹ̀ má baà tú. Nígbà tí àwọn àgbà gbọ́, àwọn náà ní òótọ́ ló sọ, bàbá ò gbọdọ̀ lọ. Fọlákẹ́ wá gba fóònù bàbá, ó pa á, kí ìròyìn má baà tún dá kún ìròyìn.

Bàbá mi mu omi, wọ́n nu ẹnu. Wọ́n ní níbo ni ọkùnrin yẹn wà?

Mo ti wádìí. Ó wà ní Ìdó-Ọ̀ṣun, ó ti ń ya fíìmù mìíràn, eré ọba. Wọ́n ní kí n gbé àwọn lọ. Mo ní Bàbá, ẹ ò tíì lágbára, ẹ jẹ́ kí èmi lọ bá a fà á. Wọ́n ní gbèsè àwọn ni, kì í ṣe tèmi.

Ilẹ̀ mọ́, a gbéra. Àgbàlá ńlá kan ni wọ́n fi ṣe ààfin. Òṣèré àgbà kan ló gúnwà sórí ìtẹ́ pẹ̀lú adé, ojoojúmọ́ ayé ni wọ́n ń fi í jọba nínú fíìmù, Bàbá Ọba ni gbogbo wa ń pè é. Èmi àti ẹ̀ jọ bẹ̀rẹ̀ iṣẹ́ lórí ìtàgé ni. Bó ṣe rí mi, ó pariwo orúkọ mi, adé fẹ́rẹ̀ẹ́ jábọ́ lórí rẹ̀.

Ọ̀gá Pósítà ńkọ́? Kò tiẹ̀ sá! Ó na ọwọ́ méjèèjì, ó ń rẹ́rìn-ín, ó ní, “Òkú ti jí!” Ó ní ó yẹ kí n dúpẹ́ lọ́wọ́ òun. Ó ní láti ọdún mélòó ni ẹnikẹ́ni ti sọ̀rọ̀ mi báyẹn, orúkọ mi wà lẹ́nu tọmọdé tàgbà. Ó ní ọjọ́ tí àwọn bá fẹ́ ṣí fíìmù ni òun fẹ́ fi hàn pé mo wà láàyè, inú pósí ni mo ti máa dìde lójú gbogbo èèyàn. Ó ti ra pósí sílẹ̀ dè mí! Ó ń sọ ọ́ bí ẹni tó ra aṣọ fún mi.

Èébú ti tò sí mi lẹ́nu láti Ìmẹ̀sí. Bàbá mi di ọwọ́ mi mú. Wọ́n bi í pẹ̀lẹ́ pẹ̀lẹ́ pé ṣé òun ló wá sílé àwọn? Ó dọ̀bálẹ̀ fẹ̀rẹ̀, ó ní òun ni, Bàbá, ẹ má bínú, eré ni.

Bàbá mi ní, “Ọmọ mi ń ṣeré. Ìwọ náà ń ṣeré. Èmi ò ṣeré. Mo wá gba ẹkún mi.”

Kò yé e. Ó ki ọwọ́ bọ àpò, ó fa àpòòwé yọ, ó fi ọwọ́ méjèèjì gbé e fún wọn. Bàbá mi bi í pé ṣé àwọn tà á fún un ni? Bàbá mi kúrò lọ́dọ̀ rẹ̀, wọ́n lọ sáàárín àgbàlá, wọ́n dúró gan-an sí iwájú ìtẹ́ tí kámẹ́rà kọjú sí, wọ́n ká aṣọ sókè, wọ́n lóṣòó.

Ẹ̀yin ọmọ ìsinsìnyí lè má mọ ohun tó ṣẹlẹ̀ yẹn. Àwọn Ìjẹ̀ṣà tó ń ta aṣọ láwìn láyé àtijọ́, bí ẹni tó jẹ wọ́n bá kọ̀ tí kò san, wọn kì í bá a jà. Wọ́n á lọ lóṣòó sẹ́nu ọ̀nà rẹ̀, òṣó ni wọ́n máa ló títí wọ́n á fi gbà á. Ìdí nìyẹn tí wọ́n fi ń pè wọ́n ní òṣómàálò. Bàbá mi máa ń sọ pé àwọn kì í jókòó, torí ẹni tó bá jókòó ti di àlejò. Àwọn kì í sì í dúró, torí ẹni tó bá dúró ti fẹ́ máa lọ. Wọ́n ti fi iṣẹ́ yẹn sílẹ̀ tipẹ́tipẹ́, kó tó di pé ọkùnrin yìí sọ wọ́n di òṣómàálò padà.

Ọ̀gá Pósítà ní kí wọ́n máa bá iṣẹ́ lọ, ó máa tó rẹ Bàbá. Wọ́n yí kámẹ́rà síbí, bàbá mi wà níbẹ̀. Wọ́n yí i sọ́hùn-ún, bàbá mi wà níbẹ̀. Ó ní kí àwọn ẹ̀ṣọ́ gbé wọn kúrò. Alhaja Sífáwù bọ́ bàtà sọ́wọ́, wọ́n ní ẹni tí ìyá rẹ̀ bá bí dáadáa kó fọwọ́ kan bàbá arúgbó yìí. Kò sẹ́ni tó dá a láṣà.

Oòrùn ń gùn. Ẹsẹ̀ bàbá mi bẹ̀rẹ̀ sí í gbọ̀n. Ẹ̀rù wá bà mí, ẹ̀rù gidi. Ara tí kò tíì jẹun kánú, ara tí ọ̀fọ̀ ti lù! Mo ní lónìí ni ọkùnrin yìí máa pa bàbá mi ní tòótọ́, kò sì sí ẹni tó máa ní kí wọ́n dìde lọ jẹun. Mo kúnlẹ̀, mo bẹ̀ wọ́n kí wọ́n jẹ́ ká máa lọ. Wọ́n ní kí n fi àwọn sílẹ̀, oníbàárà àwọn ò tíì sanwó.

Bàbá Ọba ló kọ́kọ́ dìde lórí ìtẹ́. Ó ṣí adé, ó gbé e fún obìnrin tó ń tọ́jú aṣọ, ó ká agbádá ọba sókè, ó lóṣòó lẹ́gbẹ̀ẹ́ bàbá mi. Ó ní òun ò ṣe mọ́, òun ò lè máa jọba kí irú àgbà yìí máa lóṣòó níwájú òun. Àwọn ìjòyè tẹ̀lé e. Obìnrin tó ń kun àtíkè fún wọn tẹ̀lé e. Ẹni tó ń gbé gbohùngbohùn sọ ọ́ sílẹ̀, ó lóṣòó. Àwọn ará àdúgbò ti gbọ́, wọ́n ti pé sẹ́nu géètì, fóònù wà lọ́wọ́ kálukú, wọ́n ń ya ẹni tó máa ń ya èèyàn.

Ibẹ̀ ni ojú rẹ̀ ti wálẹ̀. Ó ní kí ni Bàbá fẹ́?

Bàbá mi ní kó kúnlẹ̀ bó ṣe kúnlẹ̀ ní Ìmẹ̀sí, kó fi ẹnu tó fi sọ ọ́ sọ pé irọ́ ni òun pa, níwájú kámẹ́rà tó fi yà á. Kó pa fídíò yẹn rẹ́ lójú àwọn. Kó lọ fi ọwọ́ ara rẹ̀ ṣí ojú ọmọ àwọn kúrò lára ògiri Iléṣà. Ó ṣe é. Ó kúnlẹ̀, ó sọ ọ́, omi ń bọ́ lójú rẹ̀. Mi ò mọ̀ bóyá ẹkún gidi ni, òṣèré lòun náà ṣe rí. Fídíò yẹn, Alhaja Sífáwù fúnra wọn ló tẹ ibi tó fi parẹ́, wọn ò gbà kí ẹlòmíràn tẹ̀ ẹ́. Bàbá mi fẹ́ dìde, orúnkún wọn ò nà mọ́, èmi àti Bàbá Ọba la jọ gbé wọn dé inú ọkọ̀.

Ní ọ̀nà, wọ́n bi mí pé ṣé ẹkún àwọn ti padà? Mo ní ó ti padà, Bàbá. Ohun tí mo gbà gbọ́ lọ́jọ́ náà nìyẹn.

Ẹ wá gbọ́ ìdí tí mo fi ń kọ̀wé yìí. Lọ́sẹ̀ tó kọjá, nínú gúrúùpù àwa ọmọ iléèwé kan náà, ẹnì kan ń ráhùn pé owó oṣù ti tán. Ẹnì kejì fi sítíkà dá a lóhùn. Ojú bàbá mi ni. Ẹnu wọn là sílẹ̀, fìlà wọn ń já bọ́. Wọ́n ti gé e jáde nínú fídíò kí ó tó parẹ́. Gbogbo gúrúùpù ń rẹ́rìn-ín, àwọn èèyàn tó mọ̀ mí, wọn ò mọ bàbá mi. Láti ìgbà náà mo ti rí i nínú gúrúùpù ṣọ́ọ̀ṣì, mo ti rí i láàárín àwa òṣèré. Ẹnì kan tiẹ̀ fi í ránṣẹ́ sí Fọlákẹ́ nígbà tí epo bẹntiróòlù wọ́n.

Bàbá mi ò mọ̀. Fóònù wọn kò lè gba irú nǹkan bẹ́ẹ̀. Kí ni kí n sọ fún wọn? Ẹnu ọ̀nà ta ni kí n ní kí wọ́n tún lọ lóṣòó sí?

Ẹ̀yin òṣèré ẹlẹgbẹ́ mi, ẹ̀kọ́ tí mo rí kọ́ nìyí: kí ẹ tó kú fún ẹnikẹ́ni, ẹ jẹ́ kó wà nínú àdéhùn pé kò ní fi orúkọ yín gan-an kéde òkú, kò sì ní dé ọ̀dọ̀ àwọn èèyàn yín nílé. Àwa là ń bá wọn ṣiṣẹ́, kì í ṣe òbí wa. Ẹ̀yin olóòtú tí ẹ ń wá ẹkún gidi, ẹ lọ sun tiyín!

Irú rẹ̀ ti ṣe yín rí? Ṣé wọ́n ti fi ìbànújẹ́ yín tàbí ti èèyàn yín dá àwọn ẹlòmíràn lára yá rí? Ẹ kọ ọ́ sísàlẹ̀, mo fẹ́ kà á, màá dá gbogbo yín lóhùn.

Bí sítíkà yẹn bá sì wà lórí fóònù yín, ẹ bá mi pa á rẹ́. Ẹ máa rí bàbá arúgbó kan níbẹ̀ tó la ẹnu sókè. Bàbá mi ni. Wọ́n ṣẹ̀ṣẹ̀ sọ fún wọn pé ọmọ wọn kan ṣoṣo ti kú ni.